Màmá Tápà, Asagai àti iṣẹ́ wa

Ẹ̀yin àbúrò mi tẹ́ ẹ ń kọ eré, mo kọ eré orí ìtàgé kan rí tí ìyá Tápà kan wà nínú rẹ̀. Èdè Haúsá ni mo kó sí i lẹ́nu, torí mo rò pé Òkè Ọya kan náà ni. Lẹ́yìn eré, màmá Tápà kan tó jókòó láàárín àwọn òǹwòran pè mí, ó ní, "Ọmọ mi, ta ló sọ fún ọ pé Gàm̀bàrí ni wá?" Ojú tì mí. Mi ò rí èsì fọ̀.

Ọdún yẹn ni mo ka A Raisin in the Sun, eré tí Lorraine Hansberry, obìnrin aláwọ̀ dúdú ará Amẹ́ríkà, kọ. Chicago ni wọ́n bí i sí ní 1930. Nígbà tí eré yìí dé Broadway, àdúgbò àwọn ilé ìṣeré ńlá ní New York, ní oṣù kẹta ọdún 1959, kò tíì sí obìnrin aláwọ̀ dúdú kankan tí wọ́n ṣe eré rẹ̀ níbẹ̀ rí. Ọmọ Yorùbá kan wà nínú eré náà, akẹ́kọ̀ọ́ láti Nàìjíríà, Joseph Asagai. Orúkọ yẹn ò jọ tiwa, mo mọ̀. Àmọ́ ó sọ ọmọbìnrin tó ń dẹnu kọ ní Alaiyo. Kò sí àmì ohùn lórí rẹ̀. Ẹni tó bá ń kánjú á pè é ní Aláyọ̀. Ẹ wá wo ìtumọ̀ tí Asagai fún un: ẹni tí oúnjẹ nìkan ò tó fún. Aláìyó ni! Mo dìde lórí àga.

Hansberry ti kọ̀wé fún ìwé ìròyìn Freedom tí Paul Robeson, akọrin àti òṣèré aláwọ̀ dúdú, dá sílẹ̀, ó kọ́ nípa Áfíríkà lọ́dọ̀ ọ̀mọ̀wé W. E. B. Du Bois. Ẹ̀gbọ́n bàbá rẹ̀, William Leo Hansberry, ló kọ́ Azikiwe ní Yunifásítì Howard ní Amẹ́ríkà. Pẹ̀lú gbogbo ìyẹn, iṣẹ́ rẹ̀ ò bọ́ lọ́wọ́ abẹ. Òun náà ló kọ ọ́ fún fíìmù ọdún 1961. Wọ́n gé púpọ̀ nínú àwọn ìran tuntun tó fi kún un. Jẹjẹrẹ pa á ní 1965, ọmọ ọdún 34 péré. Ohun tó kọ gan-an fún fíìmù náà ò di ìwé títí di 1992. Ó dùn mí.

Mo ti tún eré tèmi kọ. Màmá Tápà yẹn ló jókòó tì mí. Ọ̀rọ̀ ìkíni Tápà kan ṣoṣo gba ọ̀sán gbáko.