Ilé Àǹtí mi tó ń dúró de àlejò, àti nọ́ńbà inú kátálọ́ọ̀gì orin tí wọ́n kọ́ mi kà

Ó ti pẹ́ tí Àǹtí mi, àbúrò ìyá mi, ti ń pè mí pé kí n wá wo ilé táwọn tún ṣe lẹ́yìn tí wọ́n fẹ̀yìn tì, àmọ́ iṣẹ́ ò jẹ́, mo kàn ń sọ pé mò ń bọ̀ mò ń bọ̀, títí tí ọ̀rọ̀ orin fi wá gbé mi dìde. Èmi ni mo ń darí ẹgbẹ́ ọ́kẹ́sítírà kékeré kan, ọ̀dọ́ wà níbẹ̀, àgbà wà níbẹ̀, gbogbo wọn ló ní iṣẹ́ míì tí wọ́n ń ṣe, ìrọ̀lẹ́ la máa ń pàdé. A ò pọ̀. Mo fẹ́ yan orin kan tó tóbi ju èyí tá a ti ń ṣe lọ, gbogbo kátálọ́ọ̀gì tí mo sì ṣí lórí íntánẹ́ẹ̀tì, nọ́ńbà ló kún inú ẹ̀, nọ́ńbà, kọ́mà, àmì, lẹ́tà méjì mẹ́ta. Àǹtí mi sì rèé, ọ̀pọ̀ ọdún ni wọ́n fi tọ́jú ìwé orin fún ọ́kẹ́sítírà ńlá, àwọn ni wọ́n ń pàṣẹ ìwé nóòtì, àwọn ni wọ́n ń tò ó sórí stáńdì olórin kọ̀ọ̀kan kí ìdánrawò tó bẹ̀rẹ̀. Ni mo bá di ẹrù, mo wọ rélùwéè, mo wọ bọ́ọ̀sì lé e.

Ojú ọ̀nà ò ní ìtàn kankan jàre, ọkọ̀ lọ, ọkọ̀ dé. Ilé yẹn ni ìtàn.

Ohun tí mo kọ́kọ́ rí ni pé kò sí àtẹ̀gùn kankan lẹ́nu ọ̀nà. Ilẹ̀ ìta kàn ń gòkè díẹ̀díẹ̀ títí tó fi bá ilẹ̀ pálọ̀ dọ́gba, o ò tiẹ̀ ní mọ̀ pé ò ń gòkè, mo wọ́ báàgì onítáyà mi wọlé láì gbé e sókè rárá. Àǹtí ní bí ibi téèyàn fẹ́ gùn bá fi sẹ̀ǹtímítà kan ga, ọ̀nà tó ń lọ síbẹ̀ gbọ́dọ̀ gùn tó sẹ̀ǹtímítà 12 ó kéré tán, kí ẹni tó wà lórí kẹ̀kẹ́ aláàbọ̀ ara lè dá gun ún láìsí pé ẹnì kan ń tì í lẹ́yìn. Ilẹ̀kùn náà fẹ̀, tí o bá ṣí i tán ó lé ní sẹ̀ǹtímítà 80, gbogbo ilẹ̀kùn ìsàlẹ̀ ló rí bẹ́ẹ̀, títí kan ti ilé ìwẹ̀. Mo bi wọ́n pé, “Àǹtí, níbo lẹ ti rí gbogbo èyí kọ́?” Wọ́n ní obìnrin kan wà ní Atlanta ní Amẹ́ríkà tó ń jẹ́ Eleanor Smith, tí òun fúnra ẹ̀ ń lo kẹ̀kẹ́ aláàbọ̀ ara, pé ọdún 1987 ni òun àti ẹgbẹ́ ẹ̀ tó ń jẹ́ Concrete Change bẹ̀rẹ̀ sí í jà fún un pé gbogbo ilé tuntun, kì í ṣe ilé àwọn aláàbọ̀ ara nìkan, ló yẹ kó ní nǹkan mẹ́ta péré: ẹnu ọ̀nà kan tí ò ní àtẹ̀gùn, ilẹ̀kùn tí kẹ̀kẹ́ lè gbà kọjá, àti ilé ìyàgbẹ́ kan nísàlẹ̀. Ohun tó dùn mọ́ mi nínú ọ̀rọ̀ yẹn ni pé kì í ṣe torí ẹni tó ń gbé inú ilé ni, torí ẹni tó máa wá kí i ni. Ọ̀rẹ́ ẹ tí ò lè gun àtẹ̀gùn, ẹ ti ń bára yín ṣọ̀rẹ́ láti ọdún yìí wá, kò tíì wọ ilé ẹ rí! Ó burú, ó sì wọ́pọ̀.

Nínú ilé, bẹ́ǹṣì gígùn kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilẹ̀kùn téèyàn lè jókòó sí tú okùn bàtà, ìkọ́ ẹ̀wù wà lókè ẹ̀ ní ìpele méjì, ti òkè fún àgbà, ti ìsàlẹ̀ fún ọmọdé, ẹ sì jẹ́ kí n sọ ọ́ pé kò sí ọmọdé kankan tó ń gbé ilé yẹn. Láti orí bẹ́ǹṣì yẹn wàá ti rí pálọ̀ tààrà, wàá rí fèrèsé, wàá rí ẹni tó jókòó síbẹ̀, o ò ní dúró nínú ọ̀dẹ̀dẹ̀ tó ṣókùnkùn kó o máa wò yéye pé ibo ni mo máa gbà. Gílóòbù tí wọ́n kọ 2700 K sí lára ni wọ́n fi síbi gbogbo téèyàn ń jókòó sí, ìmọ́lẹ̀ ẹ̀ máa ń pọ́n díẹ̀, kì í gún ojú. Àwọn àga pálọ̀ ò bára mu, mo rò pé bóyá wọ́n kàn ń rà á ní ọ̀kọ̀ọ̀kan ni, kí wọ́n tó ṣàlàyé pé àwọn mọ̀ọ́mọ̀ ṣe é bẹ́ẹ̀: àwọn kan ga, wọ́n ní apá tó le, kí ẹni tí orúnkún ń dùn lè fọwọ́ ti ara ẹ̀ dìde, àwọn kan ò ní apá rárá, ẹni tó fẹ́ ta fayolín tàbí sẹ́lò ló ni ìyẹn, torí apá àga á máa kọ́ ọ nígbọ̀nwọ́. Àyè kan sì wà láàárín àga méjì tí wọn ò gbé nǹkan kan sí, mo ní ṣé kẹ́ ẹ má gbé tábìlì kékeré síbẹ̀, wọ́n ní rárá, àyè ẹni tó bá gbé kẹ̀kẹ́ ẹ̀ wá nìyẹn, kó má baà di pé ẹ̀yìn gbogbo èèyàn la máa fi í sí. Kápẹ́ẹ̀tì nípọn, kọ́tìnnì wúwo, torí pálọ̀ tí ohùn ń dún gbọ̀ọ̀rọ̀gbọ̀ nínú ẹ̀ máa ń dààmú ẹni tó ń lo ẹ̀rọ ìgbọ́ràn.

Yàrá àlejò tí wọ́n fi mí wọ̀ ńkọ́? Suwíìṣì iná wà níbi tí ọwọ́ á ti tó o látorí bẹ́ẹ̀dì, dúrọ́ọ̀ òkè sì ṣófo pátápátá. Mo ti sùn nílé àwọn èèyàn tó lówó, tí gbogbo kọ́bọ́ọ̀dù yàrá àlejò wọn kún fún ẹrù onílé, inú báàgì lèèyàn á ti máa yọ aṣọ títí táá fi lọ. Dúrọ́ọ̀ òfìfo yẹn, tí ẹ bá bi mí, òun ló dáa jù nínú gbogbo ilé. Àǹtí ní, “Kí n tó ra àga kan, mo máa ń bi ara mi pé ta ló máa jókòó sí i. Ṣebí iṣẹ́ tí mo fi gbogbo ayé mi ṣe náà nìyẹn.”

Ibi tí ọ̀rọ̀ kátálọ́ọ̀gì ti bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Wọ́n mú bébà, wọ́n kọ ọ́ síbẹ̀ pé:

2.2.2.2 – 4.2.3.1 – timp – str

Wọ́n ní kí n má wò ó bí ìṣirò, kí n wò ó bí àga tí wọ́n ti tò sílẹ̀ de àwọn tó ń bọ̀. Àyè ò yí padà láé. Mẹ́rin àkọ́kọ́, àwọn fèrè onígi ni, bí wọ́n sì ṣe ń tẹ̀ léra ni fúlúùtì, óbò, kílárínẹ́ẹ̀tì, bàsúùnù. Mẹ́rin tó tẹ̀ lé e, àwọn fèrè idẹ: họ́ọ̀nù, tírọ́ńpẹ́ẹ̀tì, tírọ́ḿbóònù, túbà. Lẹ́yìn ìyẹn ni tímpánì (timp), ìlù ńlá tó rí bí ìkòkò, àtàwọn ìlù yòókù, lẹ́yìn wọn ni hápù tàbí dùùrù tó bá wà, àwọn olókùn (str) ló máa ń kẹ́yìn. Torí pé àyè ò yí padà ni wọn ò ṣe nílò láti kọ orúkọ, nọ́ńbà tó bá wà ní àyè kejì, óbò ni, kò lè jẹ́ nǹkan míì. Odo náà ń sọ̀rọ̀. Àga ò sí níbẹ̀, wọn ò retí ẹnikẹ́ni.

Ìyẹn rọrùn. Ibi tó ti ń lọ́jú pọ̀ ni ìgbà tí olórin kan bá ń lo ohun èlò méjì. Ẹ wo àyè fúlúùtì, tí wọ́n bá kọ 3[1.2.pic], olórin mẹ́ta ni, ẹni kẹta ń fọn píkólò (pic), fúlúùtì kékeré tí ohùn ẹ̀ ga, látìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Tó bá jẹ́ 2[1.2/pic], olórin méjì péré ni, ẹni kejì á gbé fúlúùtì sílẹ̀ á mú píkólò nígbà tó bá yá, á sì tún pa dà. Àmì ìlà wíńdìn-wíndìn yẹn ló mú kí olórin kan dín! Àwọn atẹ̀wé míì ò lo ìlà, wọ́n á kọ 2(II=picc), nǹkan kan náà ni. Torí ẹ̀ ni Àǹtí fi ní kéèyàn kọ́kọ́ ka ojú ìwé tí ilé ìtẹ̀wé fi ṣàlàyé àmì wọn, iwájú kátálọ́ọ̀gì ló sábà máa ń wà, ojú ìwé tí gbogbo èèyàn máa ń ṣí kọjá.

Wọ́n mú Síńfónì Karùn-ún ti Beethoven, ti 1808, pé kí n kà á sókè: 3[1.2.pic].2.2.3[1.2.cbn] – 2.2.3.0 – timp – str. Mo kà á, mo ní fúlúùtì méjì àti píkólò, óbò méjì, kílárínẹ́ẹ̀tì méjì, bàsúùnù méjì àti kọ́ńtírábàsúùnù (cbn, bàsúùnù ńlá tí ohùn ẹ̀ rẹlẹ̀), họ́ọ̀nù méjì, tírọ́ńpẹ́ẹ̀tì méjì, tírọ́ḿbóònù mẹ́ta, túbà kò sí. Wọ́n ní ó dáa, kí ni ìlà yẹn ò sọ fún ẹ? Mi ò mọ̀ ọ́n. Ohun tí kò sọ ni pé píkólò, kọ́ńtírábàsúùnù àtàwọn onítírọ́ḿbóònù mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, apá kẹrin tó gbẹ̀yìn nìkan ni wọ́n ti ń fọn nǹkan kan, apá mẹ́ta ni wọ́n á fi jókòó lásán. Síńfónì Kẹsàn-án ti Dvořák, 1893, ó béèrè túbà kan, inú Largo, apá kejì tó ń lọ jẹ́jẹ́, nìkan ló sì ti ń fọn ọ́n, nóòtì tí ò tó 20. Ìlà yẹn ń sọ iye ẹni tó máa wá, kò sọ bí iṣẹ́ kálukú ṣe pọ̀ tó, ẹ ronú nípa ẹni tó wọkọ̀ wá láti ọ̀nà jíjìn pẹ̀lú túbà léjìká kẹ́ ẹ tó yàn án.

Ní ti ìlù, timp+3 túmọ̀ sí onítímpánì kan àti onílù mẹ́ta, iye èèyàn ni, kì í ṣe iye ìlù, èèyàn mẹ́ta lè máa lo ìlù mẹ́wàá. Sáksófóònù ò ní àyè tiẹ̀ láàárín mẹ́rin ti àwọn onígi, lẹ́tà ni wọ́n máa fi kọ ọ́, nítorí náà ẹni tó bá ń wo nọ́ńbà nìkan lè gbé orin Boléro tí Ravel kọ ní 1928 kó má mọ̀ pé sáksófóònù wà ńbẹ̀. Àwọn olókùn náà, str lásán túmọ̀ sí pé iye tó o bá ní ni kó o lò, àmọ́ tó o bá rí nọ́ńbà márùn-ún, fayolín kìíní, fayolín kejì, fíólà, sẹ́lò, dọ́bù bàsì ni. Kó o wá bi wọ́n o, ṣé olórin ni wọ́n ń kà ni àbí ìwé, torí àwọn olókùn méjì méjì ló ń wo stáńdì kan, ìwé mẹ́rin á tó olórin mẹ́jọ.

Lẹ́yìn gbogbo ẹ̀ ni wọ́n wá ní kí n kọ ìlà ti ẹgbẹ́ tèmi. Kò sẹ́ni tó sọ ọ́ fún mi rí pé èèyàn lè kọ ìlà tiẹ̀. Onífúlúùtì méjì, óbò kò sí (ẹnì kan ṣoṣo tá a ní ti kó lọ sílùú míì), kílárínẹ́ẹ̀tì méjì, bàsúùnù méjì, họ́ọ̀nù méjì, tírọ́ńpẹ́ẹ̀tì méjì, onítímpánì kan, àwọn olókùn díẹ̀. 2.0.2.2 – 2.2.0.0 – timp – str. Nígbà tí mo rí i lórí bébà, odo tó wà ní àyè óbò yẹn ni ojú mi ń wò ṣáá, torí òun ló ti ń lé mi kúrò nídìí gbogbo orin tí mo fẹ́.

Àǹtí ní kí n wo Mozart, ọdún 1788, síńfónì mẹ́ta tó kọ nígbà ẹ̀ẹ̀rùn ọdún yẹn. Nọ́ńbà 41, tí wọ́n ń pè ní Jupiter: 1.2.0.2 – 2.2.0.0 – timp – str. Ó ń béèrè óbò méjì, kò sì ní àga fún kílárínẹ́ẹ̀tì, èèyàn wa méjì á jókòó sílé. Nọ́ńbà 40: 1.2.0.2 – 2.0.0.0 – str, Mozart fúnra ẹ̀ pa dà fi kílárínẹ́ẹ̀tì méjì kún un, àmọ́ óbò ṣì wà níbẹ̀, tírọ́ńpẹ́ẹ̀tì àti tímpánì ò sí. Wọ́n wá fọwọ́ sí 39:

1.0.2.2 – 2.2.0.0 – timp – str

Mo pariwo! Mozart ò fi óbò kankan sí i. Kì í ṣe pé ẹnì kan gé e kúrò, kì í ṣe pé ẹ̀dà àwọn ọmọ ilé ìwé ni, bó ṣe kọ ọ́ nìyẹn. Àwọn kílárínẹ́ẹ̀tì méjèèjì sì ni wọ́n dá sọ̀rọ̀ nínú Trio, ìyẹn àárín apá kẹta, ọ̀kan gbé orin, èkejì ń yí lábẹ́ ẹ̀, àwọn méjì tí wọ́n ti ń bá wa fọn ohun tí ò jẹ́ tiwọn láti ọjọ́ yìí.

Àfi fúlúùtì ló ṣẹ́ kù, a ní méjì, àga kan ló wà. Mo ní kí n bẹ ọ̀kan kó fi í sílẹ̀ lọ́tẹ̀ yìí ni, Àǹtí ní rárá o, orin náà ní apá mẹ́rin, kí ọ̀kan fọn méjì àkọ́kọ́, kí èkejì fọn méjì tó kù, kí n sì kọ orúkọ àwọn méjèèjì sínú ìwé ètò. Mo ti fi ìlà yẹn ránṣẹ́ sí ẹgbẹ́ látorí bẹ́ẹ̀dì yàrá àlejò. Onítírọ́ńpẹ́ẹ̀tì kan ti fèsì, ó ní ṣé òun máa ní nǹkan ṣe ní apá kejì, mo ní rárá, apá ìkejì ò ní tírọ́ńpẹ́ẹ̀tì àti tímpánì, kó mú ìwé dání kó máa kà á bá wa lọ.