Jọ́nímáànù mi lọ lónìí

Ọjọ́ Ẹtì, oṣù Ṣẹ́ẹ́rẹ́. Ilẹ̀ ti ṣú.

Jọ́nímáànù mi lọ lónìí. Kò sí ìjà, kò sí ariwo. Ó gbá abẹ́ máṣíìnì tó ń lò, ó fi òróró pa sísọ́ọ̀sì rẹ̀, ó fi àjákù ańkárá wé e bí ẹni ń wé ọmọ tuntun. Ó ká tépù. Ó kó gbogbo rẹ̀ sínú báàgì ìnáwó kan tí fọ́tò olóògbé wà lára rẹ̀. Báàgì yẹn náà ló gbé wá sí ṣọ́ọ̀bù mi ní Òkè-Àdó lóṣù Ọ̀wàrà.

"Ọ̀gá, ẹ ṣeun o. Tí Iléyá bá ti ń sún mọ́lé, ẹ pè mí."

Mo ní màá pè é. Ó fẹ́ dọ̀bálẹ̀, mo ní kó fi sílẹ̀, eruku ọyẹ́ ti gba gbogbo ilẹ̀. Ó dá Maikírà tó ń lọ sí Ìwó Road dúró, wọ́n há òun àti ìyá kan pọ̀ síwájú, ó lọ. Ọmọ iṣẹ́ mi kékeré bi mí pé, "Ọ̀gá, ṣé ẹ lé bọ̀dá ni?" Mo ní rárá o, iṣẹ́ ló tán.

Fún ẹ̀yin tí ẹ ò jókòó ti iṣẹ́ ọwọ́ rí: jọ́nímáànù ni ẹni tó ti kọ́ṣẹ́ tán, tó ti ṣe fúrídọ́ọ̀mù, tí wọ́n ti gbàdúrà lé lórí, tí ìyá rẹ̀ ti se ìrẹsì fáwọn àlejò, ṣùgbọ́n tí kò ní ṣọ́ọ̀bù. Kì í ṣe ọmọ iṣẹ́, kì í sì í ṣe ọ̀gá. Iye aṣọ tó bá rán la ń sanwó rẹ̀ fún un. Tí iṣẹ́ bá ya wọlé, a ó máa wá a kiri bí ẹni wá ewúrẹ́ tó sọnù. Tí iṣẹ́ bá gbẹ, kò sẹ́ni tó máa ní kó máa lọ. Òun fúnra rẹ̀ ló máa mọ̀.

Èmi náà ṣe é fún ọdún mẹ́fà. Mo jókòó ní Agbẹ́ni, mo jókòó ní Ògùnpa, mo jókòó ní Sángo, mo tiẹ̀ lo oṣù mẹ́ta l'Abẹ́òkúta. Ọ̀gá kan wà tí mo rán aṣọ ẹbí mọ́kànlá fún, tó ní oníbàárà ò tíì sanwó. Ọjọ́ Sátidé tó tẹ̀ lé e, mo rí oníbàárà náà nínú aṣọ ọ̀hún níbi ìsìnkú, tó ń jó. Mi ò lè bi í léèrè, mi ò sì lè bá ọ̀gá jà. Àwọn ọ̀gá mọra wọn. Tó o bá bá ọ̀kan wíjọ́ ní Ògùnpa, kó o tó dé Sángo, orúkọ rẹ ti dé ibẹ̀ ṣáájú rẹ.

Ní nǹkan bí aago mẹ́sàn-án alẹ́, àbúrò mi tó wà ní Kánádà pè mí lórí WhatsApp. Regina ni ìlú tó ń gbé. Ọ̀sán ṣì wà lọ́dọ̀ tiwọn, yìnyín funfun báláú lẹ́yìn fèrèsé rẹ̀. Mo ń ráhùn pé ọyẹ́ fẹ́ pa wá n'Íbàdàn, ó rẹ́rìn-ín títí ó fi húkọ́. Nígbà tí mo sọ fún un pé jọ́nímáànù mi ti lọ, ó pariwo: "Ẹ̀gbọ́n mi, ọ̀rọ̀ yẹn náà ni wọ́n ń pe àwọn kan tó ń gbá họ́kì níbí!"

Họ́kì orí yìnyín ni bọ́ọ̀lù tiwọn. Ọmọ rẹ̀ ọkùnrin ò mọ Shooting Stars, ṣùgbọ́n kò sí ìròyìn họ́kì tí kò mọ̀. Mo ti wò ó rí nínú fídíò: àwọn géńdé tó wọ bàtà onírin mímú, tí wọ́n ń sáré lórí omi dídì, tí wọ́n ń fi ọ̀pá lé róbà dúdú pẹlẹbẹ kan kiri. Ẹnì kan kì í lò tó ìṣẹ́jú kan kó tó sáré jáde kí ẹlòmíràn wọlé, torí eré náà ń gba èémí. Àbúrò mi ní inú fíríìsà ni wọ́n ń kó róbà yẹn sí kí eré tó bẹ̀rẹ̀, kó má baà máa ta pọ́n-ún pọ́n-ún. Mo kọ́kọ́ rò pé ó ń fi mí ṣe yẹ̀yẹ́. Fíríìsà tí àwa ń wá iná fún kí ẹran má baà bà jẹ́!

Líìgì ńlá wọn ni NHL, ẹgbẹ́ 32 ló wà níbẹ̀. AHL wà lábẹ́ rẹ̀, ECHL tún wà lábẹ́ ìyẹn. Ẹni tí wọ́n ń pè ní jọ́nímáànù lè máa lọ sókè-sódò láàárín wọn fún ọdún mẹ́wàá. Wọ́n ní àdéhùn kan tí iye owó méjì wà nínú rẹ̀: tó o bá wà lókè, owó gidi, tí wọ́n bá dá ọ padà sísàlẹ̀, owó kékeré, láti ọjọ́ yẹn gan-an. Ẹsẹ̀ kan náà, ọ̀pá kan náà, ọ̀sẹ̀ kan náà. Èmi tí mo ń san iye kan fún bùbá, tí mo ń san òmíràn fún agbádá, ó yé mi dáadáa.

Ó wá sọ ìtàn ọmọ ìlú wọn kan fún mi, Mike Sillinger. Regina ni wọ́n bí i sí ní 1971, Regina náà ló ti gbá họ́kì ọ̀dọ́. Lọ́dọọdún, àwọn ẹgbẹ́ NHL máa ń tò tẹ̀ léra wọn láti mú àwọn ọ̀dọ́ tó mọ̀ ọ́n gbá, lọ́kọ̀ọ̀kan. Ẹgbẹ́ Detroit mú un ní 1989, òun ni ẹni kọkànlá tí wọ́n pè lọ́dún yẹn. Ẹni tí wọ́n pè ní kọkànlá nínú gbogbo ayé, ẹ ó rò pé ilé kan ló máa gbà á dọjọ́ alẹ́. Rárá o. Ẹgbẹ́ 12 ló gbá fún ní NHL, kò sẹ́ni tó tíì gbá fún iye tó jù bẹ́ẹ̀ lọ. Detroit, Anaheim, Vancouver, Philadelphia, Tampa, Florida, Ottawa, Columbus, Phoenix, St. Louis, Nashville, ó wá parí rẹ̀ sí New York Islanders. Mo ní kó tún un kà, mo fi ìka ń kà á. Ìka tán, mo bọ́ sí ti ẹsẹ̀.

Kì í ṣe pé ó ń sá kiri o. Wọ́n máa ń fi ènìyàn pààrọ̀ ènìyàn ni, bí ìgbà tí ìyálọ́jà méjì bá ń pààrọ̀ ẹrù. Fóònù á dún, wọ́n á ní ó ti di ti ìlú míì. Ní oṣù Agẹmọ 2003, Columbus fi í ránṣẹ́ sí Dallas. Ọjọ́ yẹn kan náà, Dallas fi í ránṣẹ́ sí Phoenix. Kò wọ aṣọ Dallas rí, àní lẹ́ẹ̀kan. Ọmọ ìkókó sì wà nílé: oṣù Èbìbí ọdún yẹn ni ìyàwó rẹ̀ bí ọmọkùnrin kan, Cole, ní Columbus níbẹ̀. Oṣù méjì lẹ́yìn náà, ó di ẹrù dídì. Nílé tiwa, Abíọ́nà là bá sọ ọmọ yẹn, kò ní bá ẹnikẹ́ni jiyàn. Èyí tó wá yà mí lẹ́nu ni pé nígbà tí Cole náà dàgbà tó ń gbá họ́kì, ẹgbẹ́ tó mú un ní 2021 ni Columbus. Ìlú tí wọ́n ti kó bàbá rẹ̀ kúrò.

Mo sọ fún àbúrò mi pé bóyá ọ̀gbẹ́ni náà ò mọ̀ ọ́n gbá tó ni. Ẹ má bínú, ọ̀rọ̀ tí àwa ọ̀gá máa ń sọ nípa jọ́nímáànù nìyẹn: tó bá dáa, ṣé kò ní ti ní ṣọ́ọ̀bù tirẹ̀? Àbúrò mi ní ẹgbẹ̀rún kan ó lé 49 ìgbà ló jáde gbá ní NHL. Ó ní ọdún tí góòlù rẹ̀ pọ̀ jù, góòlù 32, ọdún 2005 sí 2006 ni, ó ti pé ẹni ọdún 34, àárín sáà yẹn náà ni wọ́n sì tún gbé e kúrò ní St. Louis lọ sí Nashville.

Mo dákẹ́. Mo rántí Kérésì tó kọjá. Nígbà tí ọdún ku ọjọ́ márùn-ún, tí aṣọ ga lórí tábìlì dé ojú fèrèsé, ta ni mo gbé aṣọ ọkọ ìyàwó lé lọ́wọ́? Ṣé a máa ń pe ẹni tí kò mọṣẹ́ nírú ọjọ́ bẹ́ẹ̀? Ẹni tí ṣọ́ọ̀bù méjìlá ti ránṣẹ́ sí, ẹ̀ẹ̀mejìlá ni wọ́n fẹ́ ẹ. Ó tún jẹ́ pé ẹ̀ẹ̀mọ́kànlá ni wọ́n jẹ́ kó lọ. Méjèèjì ni òótọ́, mi ò sì mọ èyí tí ó máa ń rántí lálẹ́.

Ọmọ Nàìjíríà náà ti jẹ nínú iṣẹ́ yìí. Rumun Ndur, tí wọ́n bí ní Zaria ní 1975, gbá fún Buffalo, New York Rangers àti Atlanta, kó tó bọ́ sí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ó gbá ní Nottingham, ó gbá ní Coventry. Akim Aliu tún wà, Òkènè ni wọ́n bí i sí ní 1989, ọmọ Ukraine ni ìyá rẹ̀. Chicago mú un ní 2007, ṣùgbọ́n eré méje péré ló rí gbá ní NHL, ní Calgary, ó sì jẹ góòlù méjì níbẹ̀. Gbogbo ìyókù, líìgì kéékèèké ni, títí dé Rọ́ṣíà. Ní 2019 ló tó sọ ọ́ síta pé kóòṣì kan bú òun nítorí àwọ̀ òun nígbà tí òun ṣì jẹ́ ọ̀dọ́ nínú iṣẹ́ náà. Kóòṣì náà kọ̀wé fi iṣẹ́ sílẹ̀. Nǹkan bí ọdún mẹ́wàá ló fi gbé ọ̀rọ̀ yẹn sínú. Àwọn kan á ní kí ló dé tó pẹ́ bẹ́ẹ̀. Èmi ò ní bi í. Mo mọ bí ọ̀rọ̀ ṣe ń yára ju ẹsẹ̀ lọ láti Ògùnpa dé Sángo.

Kí a tó pa fóònù, mo bi àbúrò mi ní ohun kan tó ń yọ mí lẹ́nu. Orúkọ tó wà lẹ́yìn aṣọ wọn, ṣé wọ́n tẹ̀ ẹ́ ni àbí wọ́n rán an? Ó ní rírán ni. Tí ènìyàn bá dé láti ìlú míì láàárọ̀, tí eré sì wà lálẹ́, ẹnì kan gbọ́dọ̀ jókòó sídìí máṣíìnì kó rán orúkọ rẹ̀ mọ́ aṣọ tuntun. Inú mi dùn sí i, mi ò mọ ìdí. Télọ̀ wà níbẹ̀ náà. Sillinger, lẹ́tà mẹ́sàn-án, ìlú méjìlá.

Nísinsìnyí, agbádá kan ló wà níwájú mi, tí jọ́nímáànù mi parí rẹ̀ láàárọ̀ kó tó lọ. Mo yí i sódì lábẹ́ iná sólà. Ojú rírán rẹ̀ gún bí ìlà tí wọ́n fi rúlà fà. Níbi tí apá ti pàdé ara, ibi tí èmi máa ń sáré kọjá, ó rán an lẹ́ẹ̀mejì, ó sì gé òwú rẹ̀ débi pé ìka ò lè mọ̀ ọ́n lára. Àárọ̀ ọ̀la ni oníbàárà máa wá gbà á. Ó máa wò ó, ó máa ní, "Ọ̀gá, ọwọ́ yín ò ní gbẹ."

Lébẹ́ẹ̀lì ọrùn ló kù. Ó wà lórí tábìlì, orúkọ mi ló wà lára rẹ̀. Mo ti ki òwú bọ abẹ́rẹ́ láti ìgbà tí a ti parí fóònù.