Ẹ má jẹ́ kí wọ́n so kọ́tọ́ọ̀fù mọ́ pọ́sítíìfù: ohun tí ojú mi rí

Ọjọ́ kẹsàn-án rèé, àyà mi ṣì ń já bí mo bá fẹ́ ṣí bọ́nẹ́ẹ̀tì. Ẹ̀yin tí ẹ ń wa ọkọ̀ àlòkù bíi tèmi, ẹ mọ ìyọnu bátìrì tó ń kú mọ́jú. Ẹ ó páákì lálẹ́, kò ní ṣe nǹkan kan; ilẹ̀ á mọ́, ẹ ó yí kọ́kọ́rọ́, "kẹ̀-kẹ̀-kẹ̀" lẹ máa gbọ́. Réwáyà mi wá ohun tó ń fa iná títí, kò rí i. Ó ní ká fi kọ́tọ́ọ̀fù, súwíìṣì tó ń já iná bátìrì, sí i, kí n máa pa á bí mo bá ti páákì. Àbá náà dáa. Orí pọ́sítíìfù tó dè é mọ́ ló bà á jẹ́.

Ọjọ́ Ajé ni, mo ń gbé àwọn ọmọ mi méjèèjì lọ sílé ìwé, a ti sún mọ́ Ìwó Road n'Ìbàdàn. Ọkọ̀ já sí kòtò, gbì! Nǹkan dún ṣáà lábẹ́ bọ́nẹ́ẹ̀tì, ẹ́ńjìnnì kú. Kí n tó mí, òórùn rọ́bà tó ń jó ti gbà mí nímú, èéfín ń rú níwájú dígí. Mo bẹ́ sílẹ̀, mo sáré sí ilẹ̀kùn ẹ̀yìn, torí èmi fúnra mi ni mo tì í kí ọmọ má baà lè ṣí i láti inú. Àkọ́bí mi ń fọwọ́ gbá dígí. Bẹ́líìtì àbúrò rẹ̀ kò tú. Mo tẹ̀ ẹ́, mo tẹ̀ ẹ́, ó ń wò mí lójú, kò tiẹ̀ sunkún. Ìgbà tí mo gbé e jáde, bàtà rẹ̀ kan ti ṣẹ́kù sínú ọkọ̀.

Ọlọ́kadà kan ló ṣí bọ́nẹ́ẹ̀tì, tó fi akísà fa wáyà náà já kúrò lórí bátìrì. Ó ti pọ́n bí ẹyin iná. Kí Ọlọ́run bá mi sàn án fún un.

Wọ́n ti pààrọ̀ wáyà, mo ti de kọ́tọ́ọ̀fù mìíràn mọ́ nẹ́gétíìfù, bátìrì ò kú mọ́.

Orí súwíìṣì yẹn ló ga, tí bọ́nẹ́ẹ̀tì fi bà lé e. Gbogbo irin ara ọkọ̀, nẹ́gétíìfù ni. Bí pọ́sítíìfù bá kàn án, kò sí fíúùsì lórí wáyà ńlá tó lọ sí kick starter tó máa gbà yín. Bó bá jẹ́ nẹ́gétíìfù ni, ìbáà kan bọ́nẹ́ẹ̀tì lójoojúmọ́, kò lè tanná. Àwọn kan ní ó yẹ kí n yẹ iṣẹ́ náà wò. Mo yẹ̀ ẹ́ wò o; ọkọ̀ sítáàtì, mo sanwó.

Bí ẹ bá ń fi sípánà nọ́ḿbà 10 tú orí bátìrì, nẹ́gétíìfù ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ tú, òun náà ni kẹ́ ẹ dè kẹ́yìn. Ẹ fi amọ̀ tútù díẹ̀ lé súwíìṣì lórí, ẹ pa bọ́nẹ́ẹ̀tì dé, ẹ tún ṣí i. Bí amọ̀ bá ti tẹ́ pẹẹrẹ, ó ga jù. Ẹ má pa kọ́tọ́ọ̀fù nígbà tí ẹ́ńjìnnì ń ṣiṣẹ́, ó lè ba alternator tó ń ṣáájì bátìrì jẹ́. Bí ẹ bá ti pa á, rímóòtù ò ní ṣílẹ̀kùn, kí kọ́kọ́rọ́ wà lọ́wọ́. Ṣùgbọ́n nẹ́gétíìfù ni mò ń bẹ̀ yín lé lórí. Bó bá wà lórí pọ́sítíìfù lára ọkọ̀ yín báyìí, ẹ lọ tú u lónìí.

Àbúrò yẹn ò tíì gbà láti wọlé sẹ́yìn ọkọ̀. Àràárọ̀ ni mo ń ṣí bọ́nẹ́ẹ̀tì, tí mo ń gbé e sókè, kó fojú ara rẹ̀ rí i pé wáyà pupa ò kan nǹkan kan.