Ìyàwó Macbeth lẹ́ẹ̀mejì: ohùn Judi Dench lórí ìtàgé àti níwájú kámẹ́rà

Ní 1963, ẹgbẹ́ òṣèré Nottingham Playhouse di ẹrù wọn láti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, wọ́n gbé eré Shakespeare wá sí Nàìjíríà, Gánà àti Sàró. Ọmọbìnrin ẹni ọdún méjìdínlọ́gbọ̀n kan wà láàárín wọn. Nínú eré kan, òun ni ìyàwó Macbeth tó ń ti ọkọ rẹ̀ síbi ìpànìyàn. Nínú èkejì, òun ni Viola tó wọ aṣọ ọkùnrin. Judi Dench ni. Ọdún yẹn gan-an ni Dúró Ládiípọ̀ gbé Ọba Kò So jáde ní Òṣogbo. Ọ̀pọ̀ tó mọ̀ ọ́n sí ìyá àgbà tó ń pàṣẹ fún James Bond kò mọ̀ pé ó ti ṣeré nílẹ̀ wa ṣáájú kí wọ́n tó bí òbí àwọn mìíràn nínú wọn.

Ìdí tí mo fi mú un wá ni pé àwọn ọ̀dọ́ tó ń kọ́ṣẹ́ eré ní Yunifásítì Ìlọrin, àti àwọn tó ń fi fóònù ya eré apanilẹ́rìn-ín ní Tankẹ̀, máa ń sọ pé iṣẹ́ ìtàgé yàtọ̀, iṣẹ́ kámẹ́rà yàtọ̀. Mi ò gbà. Iṣẹ́ kan náà ni, ìwọ̀n rẹ̀ ló pé méjì. Ẹ wo ọ̀nà tí obìnrin yìí gbà.

Ìlú York ni wọ́n ti bí i ní 1934. Àwòrán ìtàgé ló fẹ́ máa yà, kì í ṣe òṣèré ló fẹ́ dà. Eré kan tó lọ wò ní Stratford, ìlú Shakespeare, ní 1953 ló jẹ́ kó rí i pé irú iṣẹ́ àrà tí àwọn ayàwòrán ibẹ̀ ṣe kọjá ohun tí òun lè ṣe láé, ló bá yà sí ilé ẹ̀kọ́ eré, Central, ní Lọ́ńdọ̀nù. Ó jáde ní 1957, wọ́n sì gbé Ophelia, ọmọbìnrin inú eré Hamlet, fún un lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀ ní Old Vic, ilé ìtàgé kan ní Lọ́ńdọ̀nù. Kì í ṣe Ophelia yẹn ló kọ́ ọ níṣẹ́ jù, bí kò ṣe ọdún mẹ́rin tó lò níbẹ̀, tó ń ṣe ipa ńlá àti ipa kéékèèké: kí ènìyàn ṣe eré kan lálẹ́, kó máa ṣe rìhásà òmíràn lọ́sàn-án. Àwọn alárìnjò tiwa náà mọ irú ìyẹn dáadáa: eré mẹ́rin, márùn-ún á wà lórí ẹnìkan ṣoṣo, ìlú tí ọkọ̀ bá gúnlẹ̀ sí ni yóò sọ èyí tí wọ́n máa ṣe.

Òṣèré tó ń rìnrìn àjò kì í yan gbọ̀ngàn. Èyí tó bá bá níbẹ̀ ni. Ibi tí ohùn ti ń ṣiṣẹ́ nìyẹn, ibẹ̀ náà sì ni ọ̀pọ̀ ti ń ṣìṣe, torí wọ́n rò pé igbe ni. Ewì Shakespeare sábà máa ń ní sílébù mẹ́wàá lórí ìlà kan, ìlù márùn-ún ló sì wà nínú rẹ̀. Ọ̀rọ̀ tó wúwo jù sábà máa ń wà níparí ìlà. Peter Hall, olùdarí tó bá Dench ṣiṣẹ́ láti 1962, kì í gbà kí òṣèré gbé òpin ìlà mì. Ní tiwa, ó tún burú jù bẹ́ẹ̀ lọ, nítorí fáwẹ̀lì ló ń parí ọ̀rọ̀ Yorùbá, orí fáwẹ̀lì náà sì ni ohùn wà. Bí òṣèrébìnrin bá sọ pé “Mo ń wá ọkọ̀” tó gbé ìparí rẹ̀ mì, ẹni tó jókòó lẹ́yìn kò ní mọ̀ bóyá ọkọ́ ló ń wá, tàbí ọkọ̀, tàbí ọkọ. Òǹwòran á bú sẹ́rìn-ín níbi tó yẹ kí wọ́n ti sunkún.

Bí ẹ ṣe máa tún un ṣe rè é. Ẹ gbé àtẹ́lẹwọ́ lé ìhà méjèèjì, kí ẹ mí sínú títí ìhà á fi ṣí síta. Bí èjìká bá ń gòkè, ẹ bẹ̀rẹ̀ padà. Ẹ fi èémí kan sọ gbólóhùn náà lẹ́ẹ̀mejì, kí ìparí ìgbà kejì le tó ti ìgbà àkọ́kọ́. Ẹ ní kí ẹnìkan dúró sí ìlà àga tó kẹ́yìn pátápátá, kó máa tún ọ̀rọ̀ tó parí gbólóhùn kọ̀ọ̀kan pè fún yín. Èyí tó bá pè ní àpètì, ẹ̀yin lẹ gbé e mì. Gbọ̀ngàn tó bá jẹ́ bíríkì àti páànù, tó ń dá ohùn padà, ṣe ni kí ẹ rọra sọ̀rọ̀, ẹ má pariwo, torí ariwo á kàn máa gun ara wọn lórí ni. Lásìkò ọyẹ́, omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ ni ẹ máa mu díẹ̀díẹ̀ kí ẹ tó jáde. Omi inú ọ̀rá tó ti di yìnyín kò dáa fún ọ̀fun tó ti gbẹ.

Ẹ wá jẹ́ ká fò lọ sí 1976. Ìyàwó Macbeth kan náà, Judi Dench kan náà, ọ̀rọ̀ kan náà. Ṣùgbọ́n ilé páànù kékeré kan ní Stratford, tí wọ́n ń pè ní The Other Place, ni olùdarí Trevor Nunn kó wọn sí. Ian McKellen ni Macbeth. Àmì róbótó kan wà nílẹ̀, òṣèré tí ipa rẹ̀ kò bá tíì kàn a jókòó sórí àpótí yí i ká. Eré náà kò ní ìsinmi. Ẹni tó ń wòran súnmọ́ ọn débi pé bí ìpéǹpéjú bá ṣẹ́, á rí i. Ohùn tó gbọ́dọ̀ dé ìlà ẹ̀yìn tẹ́lẹ̀ wá di ohun tí èèyàn ń sọ sétí ọkọ rẹ̀. Nígbà tí wọ́n ya eré yẹn fún tẹlifíṣọ̀n, kò fi bẹ́ẹ̀ sí ohun tó yẹ kí wọ́n dín kù. Ilé páànù yẹn ti ṣe iṣẹ́ kámẹ́rà tán.

Ẹ̀kọ́ tó wà níbẹ̀ ni pé ariwo ló dín, èémí kò dín. Ìyẹn gan-an ni àwọn tó ń ti orí ìtàgé bọ́ sínú fíìmù kì í mọ̀. Dáírẹ́kítọ̀ á ní “ẹ rẹ ohùn sílẹ̀”, wọn á rẹ èémí sílẹ̀ pẹ̀lú rẹ̀, ìparí gbólóhùn á pòórá, máìkì á máa gbé ariwo jẹnẹrétọ̀ dípò ọ̀rọ̀. Ẹlòmíràn á ṣe òdìkejì rẹ̀: á la ojú sílẹ̀, ohùn rẹ̀ á fọ́ nínú fóònù. Ẹ gbé fóònù sí ìwọ̀n ẹsẹ̀ bàtà mẹ́ta sí ojú yín, kí ẹ ya gbólóhùn kan lẹ́ẹ̀mẹta: bí ẹni wà ní gbọ̀ngàn, bí ẹni wà ní pálọ̀, bí ẹni bá ẹnìkan jókòó lórí bẹ́ǹṣì. Èémí kan náà fún mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Lẹ́yìn náà, ẹ pa ohùn rẹ̀, kí ẹ wo ojú nìkan. Bí ojú bá ń sáré kiri, ẹ̀ ń wá ọ̀rọ̀ ni, ẹ kò ì tíì kọ́ ọ sórí.

Àwọn ọdún tó tẹ̀lé e, mo máa sáré kọjá. Ní 1981, iṣan gìgísẹ̀ rẹ̀ já nígbà rìhásà eré olórin Cats, ipa tó fẹ́ ṣe níbẹ̀ sì bọ́ sọ́wọ́ Elaine Paige. Ọdún yẹn náà ni òun àti ọkọ rẹ̀, Michael Williams, bẹ̀rẹ̀ eré apanilẹ́rìn-ín kan lórí tẹlifíṣọ̀n. Ní 1987 ó ṣe Cleopatra lábẹ́ Peter Hall, pẹ̀lú Anthony Hopkins. Ní 1996 ó gba Olivier, àmì ẹ̀yẹ eré ìtàgé Lọ́ńdọ̀nù, méjì lẹ́ẹ̀kan náà, ọ̀kan fún eré lásán, èkejì fún eré olórin, bẹ́ẹ̀ ohùn rẹ̀ há díẹ̀.

Ìgbà tó ti pé ẹni ọgọ́ta ọdún ni fíìmù tó wá mọ̀ ọ́n káàkiri ayé: M, ọ̀gá tó ń pàṣẹ fún James Bond, ní 1995, obìnrin àkọ́kọ́ tó jókòó lórí àga yẹn. Mrs Brown ní 1997, tí wọ́n ti ṣe fún tẹlifíṣọ̀n BBC kó tó di ti sinimá, ló kọ́kọ́ gbé e dé àwọn tí wọ́n yàn fún Oscar. Ó wá gba Oscar náà ní 1999 fún ipa Ọbabìnrin Elizabeth tí kò tó ìṣẹ́jú mẹ́wàá nínú fíìmù Shakespeare in Love. Àwọn kan ní ó ṣe orí ire. Ẹ wò ó dáadáa: atíke funfun bo ojú, aṣọ wúwo lára, kò sí ibì kan tó lè yí sí. Ohùn àti ojú nìkan ló kù, kò sì sí gbólóhùn kan tó já lẹ́nu rẹ̀.

Ní 2012 ó sọ fáyé pé àrùn tó ń ba àárín ojú jẹ́ ń bá òun jà, kò lè ka ìwé eré mọ́. Ẹlòmíràn ló ń kà á fún un, òun á gbọ́, á gbà á sórí. Ní Ìlọrin, ìyẹn kò yẹ kó ṣàjèjì, nítorí etí ni ọmọ ilé kéwú fi ń gba ohun tí àfáà bá pè, wàláà kàn ń ràn án lọ́wọ́ ni. Bí ẹ bá fẹ́ gbìyànjú rẹ̀, ẹ ní kí ẹlòmíràn ka ọ̀rọ̀ àwọn yòókù sínú fóònù, kó fi àyè sílẹ̀ níbi tó bá kàn yín, kí àyè náà gùn tó ọ̀rọ̀ yín pẹ̀lú èémí kan lé e. Ojú ewé méjì lójúmọ́ ti tó. Kí ẹni tó ń kà á sì má fi ìmọ̀lára kankan sí i. Bó bá sunkún sínú fóònù, ẹkún tirẹ̀ ni ẹ máa gbé lọ sórí ìtàgé.