Rikọ́dà ọmọ mi lálẹ́ àná

Ẹ jẹ́ n sọ èyí kí n tó sùn. Lánàá ní Mọ́kọ́lá níbí, òjò ń rọ̀, NEPA ti múná lọ, ọmọ mi obìnrin jókòó sẹ́nu ọ̀nà, ó ń fọn rikọ́dà, fèrè tí wọ́n ní kí wọ́n rà nílé ìwé, ohùn òkè ò jáde, ó kàn ń dún bí ìgbà téèyàn ń fi ṣíbí ha ìdí ìkòkò, omijé ti ń bọ́ lójú ẹ̀.

Mo bá ṣí fídíò Frans Brüggen fún un lórí fóònù, ọkùnrin afọnrikọ́dà tí wọ́n bí ní Amsterdam, ní Netherlands, ní 1934, ọmọ ọdún 21 péré tó ti di ọ̀jọ̀gbọ́n nílé ẹ̀kọ́ orin ní The Hague, fèrè tí wọ́n ń pè ní nǹkan ìṣeré ọmọdé yìí náà ló fi dé ibẹ̀ o! Ó máa ń dùn mí tí wọ́n bá pè é bẹ́ẹ̀.

Ọmọ ò wojú ẹ̀, ìka ló ń wò. "Mọ́mì, ẹ wò ó, àtàǹpàkò ẹ̀ ò dí ihò ẹ̀yìn tán!" Àṣírí ibẹ̀ nìyẹn. Ihò 7 níwájú, 1 lẹ́yìn, téèyàn bá fi èékánná ṣí tẹ̀yìn yẹn díẹ̀, ohùn á gòkè.

Ó gbìyànjú títí, ìgbà kẹrin ló jáde, ó mọ́ kedere bí agogo. Màmá tó ń ta ògì nísàlẹ̀ pariwo, "Ta ló ń fọn fèrè yẹn? Tún un fọn jàre!"