Ìgbá tí a fi oru sè bí ti Ṣáínà: omi ni kí ẹ máa ṣọ́

Ẹni tó bá ti mọ mọ́ínmọ́ín í sè ti mọ ìdajì iṣẹ́ yìí. Oru ló ń sè é, omi ìsàlẹ̀ ìkòkò kò gbọdọ̀ kàn án. Ìgbá gígùn aláwọ̀ àlùkò, tí àwọn ará Ṣáínà ń pè ní qiezi, ni wọ́n ń lò. Tó bá jinná, wọn á fi ọwọ́ ya á tẹ́ẹ́rẹ́, wọn á da aáyù, soy sauce (omi dúdú oníyọ̀ tí wọ́n fi ẹ̀wà sóyà ṣe) àti fínígà lé e lórí. Ó dùn nígbà tó bá ti tutù, nítorí náà ó bá ooru oṣù Ẹrẹ́nà ní Kábà àti Lókójà mu gan-an.

Kí ló dé tí a kò fi dín in? Ara ìgbá dà bíi kànrìnkànrìn. Ẹ da òróró sí i, á fà á mu tán, ẹ ó tún máa da òmíràn. Oru ń mú un rọ̀ láìlo òróró rárá.

Bí ẹ bá ń wá èyí tó gùn, ọ̀dọ̀ àwọn tó ń ta kárọ́ọ̀tì àti kábéèjì ni kí ẹ kọ́kọ́ wò. Ẹ mú èyí tí awọ rẹ̀ ń dán, tó sì wúwo lọ́wọ́. Èyí tó ti fúyẹ́, tí ojú àtàǹpàkò kò kúrò lára rẹ̀ tí ẹ bá tẹ̀ ẹ́, ti gbó; kóró rẹ̀ á le, á sì korò. Ìgbá funfun roboto wa náà ṣe é lò, ṣùgbọ́n ẹ bó o, kí ẹ là á sí mẹ́rin, kí ẹ sì fún un ní nǹkan bí 20 ìṣẹ́jú. Ó lè korò díẹ̀. Ẹni tó ń jẹ ewúro kò ní ka ìyẹn sí.

Fún ènìyàn mẹ́ta: ìgbá 500 gíráàmù, ọmọ aáyù 5, soy sauce ṣíbí ìjẹun 2, fínígà ṣíbí ìjẹun 1, ṣúgà ṣíbí tíì 1, ata gígún ààbọ̀ ṣíbí tíì, òróró ṣíbí ìjẹun 2, àlùbọ́sà eléwé díẹ̀. Fínígà dúdú tí wọ́n fi ìrẹsì ṣe ni ti Ṣáínà. Èyí tó funfun le jù ú lọ, nítorí náà ṣíbí tíì 2 péré ti tó. Ẹ má fi iyọ̀ tàbí Maggi sí i. Soy sauce ti ní iyọ̀ tó.

Ẹ gé ìgbá sí ìwọ̀n ìka ọwọ́, kí ẹ sì là á sí méjì. Ẹ rẹ ẹ́ sínú omi iyọ̀ tí fínígà díẹ̀ wà nínú rẹ̀ fún ìṣẹ́jú 5, kó má baà dúdú. Àwọ̀ àlùkò náà á ṣì ṣá díẹ̀ lórí iná, ṣùgbọ́n ìyẹn kò kan adùn.

Omi tó ga tó ìka méjì ni kí ẹ gbé kaná. Tó bá ti ń hó yaya ni kí ẹ tó gbé asẹ́ onírin tí ìgbá wà nínú rẹ̀ lé e, awọ ní ìsàlẹ̀. Ẹni tó bá gbé e lé omi tútù á rí i pé ó pẹ́ kó tó jinná. Ẹ fi aṣọ mímọ́ we ọmọrí ìkòkò, kí omi orí rẹ̀ má baà máa kán sí oúnjẹ, kí ẹ sì ká etí aṣọ náà sókè kí iná má baà ràn án. Ìṣẹ́jú 12 sí 15 ti tó. Ẹ fi fọ́ọ̀kì gún un: kó wọlé wọ́ọ́rọ́wọ́. Èyí tí kò jinná máa ń hanni lẹ́nu.

Ibi tó ti ń bàjẹ́ jù nìyí: omi. Ìgbá fúnra rẹ̀ kún fún omi, oru tún ń fi kún un. Tí ẹ bá da èròjà lé e lójú ẹsẹ̀, ẹ ó rí adágún kékeré nínú àwo, adùn á sì tẹ́. Ẹ jẹ́ kó ro nínú asẹ́ fún ìṣẹ́jú 10, kí ẹ wá fi ọwọ́ ya á. Má ṣe fi ọ̀bẹ gé e: ojú tó ya ṣákaṣàka ló ń gba èròjà, ojú ọ̀bẹ ń dán jù.

Ẹ gún aáyù, kí ẹ kó òun àti ata sínú abọ́ irin (ti ike á yọ́). Ẹ gbóná òróró títí ègé àlùbọ́sà kan yóò fi hó ṣàà nínú rẹ̀, kí ẹ dà á lé e lórí. Tí òróró bá ti ń rú èéfín púpọ̀, ẹ sọ ọ́ kalẹ̀ kó rọlẹ̀ díẹ̀, torí aáyù tó jó ti korò, ṣúgà kò lè gbà á là. Lẹ́yìn náà ni soy sauce, fínígà àti ṣúgà.

Epo yànmọ̀tí ni wọ́n fi ń parí rẹ̀ ní Ṣáínà. Àwa tí yànmọ̀tí ń hù ní Kogí lè yan ṣíbí ìjẹun 1 nínú páànù gbígbẹ, kó máa ta pàpà, kí a gún un díẹ̀, kí a wọ́n ọn sí i pẹ̀lú àlùbọ́sà eléwé. Ìrẹsì funfun ló bá a lọ; iṣu sísè náà dára. Bí yóò bá di ọjọ́ kejì, ẹ gbé ìgbá lọ́tọ̀ àti èròjà lọ́tọ̀ sínú fìríìjì, ìgbà tí ẹ bá fẹ́ jẹ ẹ́ ni kí ẹ tó pò wọ́n pọ̀.