CODEX tẹ́ ẹ rí lára géèmù yẹn, ẹ bi í pé ọmọ ta ni

Iṣẹ́ láptọ́ọ̀pù ni mò ń ṣe n'Ìbàdàn, ẹ̀yin àbúrò tẹ́ ẹ máa ń dáńlóòdù géèmù ọ̀fẹ́ yìí lẹ pọ̀ jù nínú kọsitọ́mà mi. "Bọ̀ọ̀dá, ó ń gbóná bí áyọ́ọ̀nù o, mi ò dẹ̀ ṣe nǹkankan sí i." Kí n tó tú u màá béèrè pé ibo lo ti rí géèmù tó o dà sí i, wọ́n á ní "sáìtì CODEX ni, ojúlówó ni."

Ojúlówó báwo? Ẹgbẹ́ tó ń kíráàkì géèmù ni CODEX, ìyẹn àwọn tó ń já àgádágodo tí ilé iṣẹ́ fi sínú géèmù kéèyàn lè lò ó láì rà á, irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀ ò ní sáìtì tí wọ́n ṣí fún gbogbo ayé. Razor 1911 ti wà ní Norway láti 1985, Fairlight bẹ̀rẹ̀ ní Sweden ní 1987, ohun tí wọ́n ń dù ni pé ta ló máa kọ́kọ́ gbé e jáde, orúkọ ni wọ́n ń wá, orí sáfà ìkọ̀kọ̀ ni wọ́n ti ń pín in láàárín ara wọn, wọ́n á wá fi fáìlì NFO (ìwé kékeré tó ń sọ ẹgbẹ́ tó ṣe é) sí i tí wọ́n á máa fi yangàn, òmíì á tún sọ nínú ẹ̀ pé tó o bá gbádùn géèmù yìí, lọ rà á (ẹ ò rí nǹkan!). CODEX fúnra wọn ti kógbá sílé láti oṣù kejì 2022. Ta ló wá ń gbé géèmù tuntun jáde lórúkọ wọn?

Àwọn tó ń gba kíráàkì náà kọjá láàárín àwọn ẹgbẹ́ yìí àti ẹ̀yin ni kẹ́ ẹ máa bẹ̀rù. Ní 2021 Avast, ilé iṣẹ́ tó ń ṣe antivirus, tú àṣírí fáírọ́ọ̀sì kan tí wọ́n pè ní Crackonosh, inú kíráàkì GTA V, NBA 2K19, àti PES 2018 tá a fẹ́ràn yìí ló sá pamọ́ sí, á mú Windows wọ safe mode (ibi tí nǹkan díẹ̀ péré ti ń ṣiṣẹ́), á pa antivirus, á wá máa fi kọ̀ǹpútà yín wa Monero (owó orí íńtánẹ́ẹ̀tì bíi Bitcoin) fún ẹlòmíì, ó lé ní 222,000 kọ̀ǹpútà tó kó o. Lóòótọ́ antivirus máa ń pariwo lásán lórí kíráàkì nígbà míì, ibẹ̀ gan-an làwọn olè ń fara pamọ́ sí, torí ẹ, sáìtì tó bá ní kẹ́ ẹ kọ́kọ́ pa antivirus, ẹ kúrò ńbẹ̀.

FitGirl, orúkọ míì tẹ́ ẹ máa ń rí lára géèmù ọ̀fẹ́, kì í kíráàkì o, ó kàn ń fún géèmù tí wọ́n ti kíráàkì pọ̀ kó má jẹ dátà ni, ayédèrú sáìtì ẹ̀ sì pọ̀ rẹpẹtẹ. Géèmù tó bá ní Denuvo (àgádágodo tó ń dí kíráàkì lọ́wọ́) tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde lánàá, tẹ́nì kan ní òun ti ní kíráàkì ẹ̀, ẹ fura.

Èmi, Epic Games, ìsọ̀ géèmù orí íńtánẹ́ẹ̀tì, ni mo ń lò, láti oṣù kejìlá 2018 ni wọ́n ti ń fúnni ní géèmù ọ̀fẹ́, ní báyìí ọ̀sẹ̀ọ̀sẹ̀ ni. Tí kíráàkì bá ṣì ń wù yín, ẹ má fi sórí láptọ́ọ̀pù tẹ́ ẹ fi ń wọ báńkì, ẹ sì kó prójẹ́ẹ̀tì yín kúrò lórí ẹ̀ kẹ́ ẹ tó gbé e wá bá mi, torí fọ́máàtì ni màá fọ́máàtì ẹ̀.